Ẹ Ní Kí Ni?

Bí ẹ bá fẹ́ mọ bí àṣìgbọ́ ṣe wọ́pọ̀ tó, ẹ jókòó ti àwọn méjì tó ń tàkúrọ̀sọ. Ẹ má wá àwọn tó ń jà lọ o. Àwọn tí ọ̀rọ̀ wọn wọ̀ gan-an ni kí ẹ jókòó tì. Kò ní pẹ́ tí ọ̀kan á fi ní, "Hẹn?" Ó tún ṣe díẹ̀, èkejì á ní, "Ta ni?" Ó tún ṣe díẹ̀, "Ṣé Bódìjà lo ní àbí Dùgbẹ̀?" Ní 2015, Mark Dingemanse àti àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ tẹ ìwádìí kan jáde lórí èdè 12. Èdè Gẹ̀ẹ́sì àti ti àwọn ará Ṣáínà wà níbẹ̀, Siwu tí wọ́n ń sọ lápá ìlà-oòrùn Gánà nítòsí ẹnubodè Tógò wà níbẹ̀, títí kan èdè ọwọ́ tí àwọn adití ilẹ̀ Ajẹntínà ń lò. Wọn ò kó ẹnikẹ́ni lọ sí yàrá ìwádìí. Ọ̀rọ̀ tí tẹbí-tọ̀rẹ́ ń bára wọn sọ nílé àti nídìí iṣẹ́ ni wọ́n gbà sílẹ̀, tí wọ́n sì jókòó tú palẹ̀. Wọ́n rí i pé, bí a bá pín in dọ́gba, kì í tó ìṣẹ́jú kan ààbọ̀ kí ẹnìkan tó dá ọ̀rọ̀ dúró láti béèrè ohun tí ẹnìkejì wí. Kò sí èyí tó yọ ara rẹ̀ sílẹ̀ nínú èdè méjèèjìlá.

A máa ń rò pé ọ̀rọ̀ tó ń yọ̀ gẹ̀rẹ̀ ni ọ̀rọ̀ tó yé. Ìwádìí yìí ní rárá: ọ̀rọ̀ tó yé ni èyí tí wọ́n ń tún ṣe bó ṣe ń lọ.

Ohun tó tilẹ̀ wù mí jù nínú iṣẹ́ wọn ni bí wọ́n ṣe pín ìbéèrè náà sí ọ̀nà mẹ́ta. Àkọ́kọ́ ni "hẹn?" lásán, tí kò sọ ibi tí ọ̀rọ̀ ti bọ́ mọ́ni lọ́wọ́, ẹni tó sọ̀rọ̀ ló máa tún gbogbo ẹ̀ sọ láti ìbẹ̀rẹ̀. Èkejì ń tọ́ka síbi tó ti bọ́: "Ta lo ní ó ń bọ̀?" Ní ti ẹ̀kẹta, ẹni tó ń béèrè ti ṣe èyí tó pọ̀ jù nínú iṣẹ́ náà fúnra rẹ̀: "Ìyá Bùkọ́lá lo ní ó ń bọ̀?" Bẹ́ẹ̀ ni tàbí bẹ́ẹ̀ kọ́ ló kù kí ẹnìkejì sọ. Àwọn olùwádìí náà rí i pé, ní èdè gbogbo, ẹni tó bá lè béèrè ní pàtó kì í sábà fi "hẹn?" kọ́ ẹlòmíì lọ́rùn. Bí mo bá gbọ́ ìlàjì, ìlàjì tó kù nìkan ni màá ní kí o tún sọ. Kò sẹ́ni tó kọ́ wa ní ilé ìwé, ọmọdé sì ń ṣe é bí àgbà. Lójú tèmi, ìgbatẹnirò tó wọ́pọ̀ jù lọ láyé nìyẹn: kí n gbé díẹ̀ lára ẹrù rẹ kó má bàa jẹ́ ìwọ nìkan ni wàá gbé e. Kò ní omijé nínú, kò ní ìwàásù nínú, ẹni tó ń ṣe é kì í sì mọ̀ pé òun ń ṣoore.

Àmọ́ kì í ṣe gbogbo ẹnu ló lè béèrè, kì í sì í ṣe gbogbo èèyàn ni a lè bi.

Ẹni tó bá dàgbà nílé Yorùbá mọ ìyá àgbà tó ń ránni níṣẹ́ báyìí: "Bá mi mú kiní yẹn wá, ó wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ kiní." Ọmọ tó bá ní "Kiní wo, mà?" á gbọ́ "Ṣé ojú ẹ fọ́ ni?" Èyí tó bá ní "Ẹ ní kí ni?" tí kò rántí fi "mà" sí i ti wá ẹ̀ṣẹ̀ kún ẹ̀ṣẹ̀. Nítorí náà, ọmọ tó gbọ́n á ní "Ó dáa, mà", á wọ yàrá lọ, á dúró láàárín àpótí àti bẹ́ẹ̀dì, á bẹ̀rẹ̀ sí í wá kiní. Á kọ́kọ́ mú róòbù jáde. Wọ́n á dá a padà. Á mú gèlè jáde. Wọ́n á dá a padà. Nígbà tó bá gbé sálúbàtà dé, ìyá àgbà á dìde fúnra rẹ̀, á mú ìgbálẹ̀ tó ń wá, á sì ní àwọn ọmọ ayé òde òní ò gbọ́ràn. A máa ń fi èyí ṣẹ̀fẹ̀ níbi àríyá, ó sì ń pa wá lẹ́rìn-ín, nítorí kò sẹ́ni tí kò ṣe sí rí. Ẹ̀kọ́ tí ọmọ náà mú kúrò níbẹ̀ kì í ṣe ẹ̀fẹ̀ ṣá o. Ó ti kọ́ pé bí ẹni tó jù ú lọ bá sọ ohun tí kò yé e, òun ni yóò ru ẹrù àìyé náà, yóò sì rù ú láìfọhùn. Àwa náà la ní abèèrè kì í ṣìnà, a kàn gbàgbé láti sọ pé ó kù sọ́wọ́ ẹni tí wọ́n fẹ́ bi.

Ẹrù yẹn sì lè wúwo ju ìgbálẹ̀ lọ.

Ní ọjọ́ 25 oṣù Kìíní ọdún 1990, ọkọ̀ òfurufú Avianca 52 gbéra láti Bogotá ní ilẹ̀ Kòlóńbíà, ó yà ní Medellín, ó sì forí lé pápákọ̀ òfurufú Kennedy ní New York. Èèyàn 158 ló wà nínú rẹ̀. Ojú ọjọ́ burú, ọkọ̀ tó fẹ́ balẹ̀ pọ̀, wọ́n sì ní kí wọ́n máa yípo lókè títí àyè á fi ṣí. Ibi mẹ́ta ọ̀tọ̀ọ̀tọ̀ ni wọ́n ti yípo, gbogbo rẹ̀ sì lé ní wákàtí kan. Epo ń lọ. Nígbà tó pẹ́, igbákejì awakọ̀, tó jẹ́ òun ló ń bá àwọn olùdarí orí ilẹ̀ sọ̀rọ̀, sọ fún wọn pé ó jọ pé àwọn á fẹ́ kí wọ́n fún àwọn láàyè ṣáájú àwọn yòókù. Wọ́n bi í pé báwo ni wọ́n ṣe lè dúró pẹ́ tó. Ó ní bí ìṣẹ́jú márùn-ún, ó sì fi kún un pé epo àwọn ò lè gbé àwọn dé Boston mọ́, níbi tí wọn ì bá sá lọ bí New York kò bá gbà wọ́n. Ẹni tó ń darí wọn fà wọ́n lé ẹlòmíì lọ́wọ́. Ọ̀rọ̀ Boston ò bá wọn dé ọ̀dọ̀ ẹni tó gbà wọ́n.

Wọ́n gbìyànjú láti balẹ̀, kò bọ́ sí i, wọ́n tún fi orí ọkọ̀ sókè. Ọ̀gá awakọ̀ fi èdè Sípéènì sọ fún igbákejì rẹ̀ pé kó sọ fún wọn pé ọ̀rọ̀ ti di pàjáwìrì. Igbákejì gbé ẹ̀rọ sẹ́nu. Ó kọ́kọ́ tún ìtọ́ni tí olùdarí fún wọn sọ, pé àwọn ti gbọ́ ibi tí ó ní káwọn yà sí, ó ní àwọn á tún gbìyànjú, ó wá fi sẹ́yìn gbólóhùn náà pé epo ń tán lọ. Olùdarí ní ó dáa. Nígbà tó yá, òmíràn nínú àwọn olùdarí ní òun fẹ́ rán wọn lọ síwájú díẹ̀ kí òun tó dá wọn padà, ó sì bi wọ́n bóyá ìyẹn kò ní ni wọ́n àti epo wọn lára. Igbákejì ní ó jọ bẹ́ẹ̀, ó sì dúpẹ́ púpọ̀. Láìpẹ́, ẹ̀rọ bẹ̀rẹ̀ sí í kú, ọkọ̀ náà sì já lulẹ̀ sára òkè kan ní Cove Neck, ní Long Island. Èèyàn 73 ló kú. Iná ò sọ níbẹ̀, nítorí kò sí epo tí iná máa jó.

Àwọn olùwádìí ìjọba Amẹ́ríkà di èyí tó pọ̀ jù nínú ẹ̀bi náà ru àwọn awakọ̀, pé wọn ò bójú tó epo wọn, wọn ò sì kéde pàjáwìrì kí ó tó bọ́. Mi ò ní jiyàn. Ẹ ṣáà fetí sí ohùn igbákejì yẹn lẹ́ẹ̀kan sí i. Ọmọ Yorùbá tó bá gbọ́ ọ á mọ̀ ọ́n, nítorí ohùn ẹni tó ń bá ọ̀gá sọ̀rọ̀ ni. Ọ̀rọ̀ ẹ̀mí èèyàn ló fi sẹ́yìn gbólóhùn, bí ọmọ ọ̀dọ̀ tó ní, "Ẹ kú ìrọ̀lẹ́, sà, mo ti gbá àgbàlá, ilé sì ń jó." Ó sì ń dúpẹ́. Ẹ tún wo ohùn ẹni tó ń darí wọn. Olùdarí kejì yẹn béèrè, kò sẹ́ni tó lè ní kò béèrè. Ìbéèrè rẹ̀ kàn jẹ́ irú èyí tí "bẹ́ẹ̀ ni" ti jókòó sínú rẹ̀ tẹ́lẹ̀. Láti fi "rárá" dá a lóhùn, àfi kí èèyàn kọ̀ sí ẹni tó ń ṣètò òfurufú New York lẹ́nu, ní èdè tí kì í ṣe tirẹ̀, lálẹ́ ọjọ́ tí nǹkan ti dàrú. Bó bá ní "Ìṣẹ́jú mélòó lepo yín kù?", iye ló máa gbọ́. Iye kì í sì í dúpẹ́.

Irú ìbéèrè tó ní "bẹ́ẹ̀ ni" nínú bẹ́ẹ̀ pọ̀ ní ọsibítù ju ibòmíì lọ. "Kò sí wàhálà míì, àbí?" "Ẹ ń lo oògùn yín dáadáa?" "Ó yé yín?" Mélòó nínú àwọn tó ti jókòó sórí bẹ́ǹṣì láti ìdájí, tí ẹgbẹ̀rún èèyàn sì ń tò lẹ́yìn wọn, ló máa ní kò yé òun?

Yorùbá kì í sì í bẹ̀rẹ̀ àìsàn láti ibi tó ti ń dùn ún. A ó kọ́kọ́ kí dókítà. A ó sọ ọdún tó bẹ̀rẹ̀, a ó fi ọmọ tá a bí lọ́dún náà ṣe àmì. A ó sọ agbo tá a ti mu, ohun tí ìyá aláṣọ ní ká fi pa á, bó ṣe rọlẹ̀ fún oṣù méjì tó sì tún padà dé. Ẹ̀yìn èyí ni orúnkún á tó wọlé. Dókítà tó bá mọ ìtàn gbọ́ mọ̀ pé gbogbo ohun tí òun máa béèrè ló ti wà níbẹ̀: ìgbà, bó ṣe ń lọ tó ń bọ̀, oògùn tí wọ́n ti lò. Èyí tí kò ní sùúrù á gbọ́ ọ̀rọ̀ àgbọ́yípo, á sì já lu aláìsàn lẹ́nu. Ẹ má ṣe rò pé tiwa nìkan ni. Howard Beckman àti Richard Frankel gbọ́ ìbẹ̀wò 74 sọ́dọ̀ àwọn dókítà Amẹ́ríkà, wọ́n sì tẹ ohun tí wọ́n rí jáde ní 1984. Bí wọ́n ti pín in dọ́gba, ìṣẹ́jú àáyá 18 ni aláìsàn fi ń sọ̀rọ̀ kí dókítà tó já lù ú. Àwíjàre àwọn dókítà kò yí padà láti ìgbà náà: bí àwọn bá jẹ́ kí aláìsàn máa sọ lọ, ilẹ̀ á ṣú. Àwọn kan ní ọsibítù Yunifásítì Basel ní ilẹ̀ Switzerland wá dán an wò. Wọ́n ní kí dókítà pa ẹnu mọ́ títí aláìsàn á fi sọ pé ó tán, wọ́n sì ń fi aago ka àkókò náà láìjẹ́ kí aláìsàn mọ̀. Aláìsàn 335 ni wọ́n fi ṣe é, èsì rẹ̀ sì jáde ní 2002. Ìpíndọ́gba rẹ̀ jẹ́ ìṣẹ́jú àáyá 92. Méje péré nínú wọn ló sọ̀rọ̀ kọjá ìṣẹ́jú márùn-ún.

Ìpanumọ́ nìkan kò tó ṣá o. Dókítà lè pa ẹnu mọ́ kó máa kọ̀wé sínú fáìlì, orí rẹ̀ nílẹ̀, kí ọ̀rọ̀ sì kú mọ́ aláìsàn lẹ́nu. Janet Bavelas àti àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ ní Kánádà ṣe ohun kan tó fi èyí hàn kedere, wọ́n sì tẹ̀ ẹ́ jáde ní 2000. Wọ́n ní kí àwọn kan sọ ìtàn ewu tó yẹ̀ lórí wọn fún olùgbọ́ kan. Láìjẹ́ kí ẹni tó ń sọ̀tàn mọ̀, wọ́n ti sọ fún àwọn olùgbọ́ kan pé kí wọ́n máa ka iye ọ̀rọ̀ tó bẹ̀rẹ̀ pẹ̀lú lẹ́tà t. Olùgbọ́ tó ń ka lẹ́tà kò sùn, kò sì já lu ẹnikẹ́ni, àmọ́ kò ní "háà!" lẹ́nu, kò ní "ẹ wò ó!" Ìtàn náà bà jẹ́ lọ́wọ́ onítàn, pàápàá nígbà tó dé ibi tó yẹ kó dùn jù: wọ́n ń tún un sọ, wọ́n ń ṣàlàyé ohun tí kò nílò àlàyé. Àwa tá a ti ń dáhùn "àlọ̀!" láti kékeré kò nílò ìwádìí láti mọ̀ pé ẹni tó ń gbọ́ ló ń gbé àlọ́ ró. Bó bá dákẹ́ lórí fóònù níṣẹ́jú àáyá mẹ́ta, a ó ní, "Ṣé o wà níbẹ̀? Hẹ́lò?"

Ọ̀rọ̀ náà wá jinlẹ̀ nígbà tí ohun tó ń ṣe aláìsàn kò bá ní ibùgbé nínú ìwé dókítà. Ẹnìkan á ní nǹkan ń rìn lórí òun, ó ń rìn bọ̀ lọ́rùn, ó ń hó létí, àyà ń já òun, òun ò rí oorun sùn. Àwọn àgbà mọ orúkọ rẹ̀: ọdẹ orí. Dókítà tó bá yẹ orí náà wò kò ní rí ohunkóhun tó ń rìn níbẹ̀, á sì sọ bẹ́ẹ̀. Irọ́ kọ́ ló pa. Aláìsàn sọ ohun tó ń ṣe é, dókítà gbọ́ ohun tí kò sí, wọ́n sì pínyà. R. O. A. Makanjuola, oníṣègùn ọpọlọ, kọ nípa ọdẹ orí ní 1987, ó sì fi hàn pé ìrẹ̀wẹ̀sì ọkàn àti àníyàn ló sábà máa ń fara pamọ́ sábẹ́ ìráhùn ara yìí. Ṣùgbọ́n kò sí bí èèyàn ṣe máa dé ìdí rẹ̀ bí kò bá kọ́kọ́ gba nǹkan tó ń rìn náà gbọ́, ó kéré tán fún ìṣẹ́jú tó máa fi béèrè ìgbà tó bẹ̀rẹ̀ sí í rìn, àti ohun tó ṣẹlẹ̀ nílé lọ́dún yẹn.

Adéoyè Lambo, tí òun náà jẹ́ oníṣègùn ọpọlọ, ti rí èyí ṣáájú. Nígbà tó bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ ní ọsibítù ọpọlọ Aró, ní Abẹ́òkúta, ní 1954, kò dúró kí wọ́n kọ́ wọ́ọ̀dù tán. Ó fi àwọn aláìsàn wọ̀ sílé àwọn ará abúlé tó yí ibẹ̀ ká, pẹ̀lú mọ̀lẹ́bí kan lẹ́gbẹ̀ẹ́ oníkálukú wọn, ó sì pe àwọn oníṣègùn ìbílẹ̀ wá bá a ṣiṣẹ́. Àwọn tó ń yìn ín lónìí sábà máa ń yìn ín bí ẹni tó fẹ́ràn àṣà. Èmi rò pé ọ̀rọ̀ gbígbọ́ ni jù. Lambo tó kàwé ní Birmingham fẹ́ ẹni tó máa sọ fún òun ohun tí aláìsàn ní lọ́kàn, tí aláìsàn náà kò sì lè sọ lédè ọsibítù. Nínú ìwádìí tí òun àti Alexander Leighton ti Yunifásítì Cornell darí láàárín àwọn Yorùbá, tó di ìwé ní 1963, wọ́n wádìí bí Yorùbá fúnra wọn ṣe ń sọ nípa àìsàn ọkàn, kí wọ́n má bàa kàn fi ìwọ̀n òyìnbó wọn gbogbo rẹ̀.

Ẹnìkan lè ní dókítà àti aláìsàn kò mọra ni, pé àwọn tó bá sùn lórí bẹ́ẹ̀dì kan náà kò nílò ìbéèrè. Kenneth Savitsky, Boaz Keysar, Nicholas Epley àtàwọn ẹlẹgbẹ́ wọn dán ìyẹn wò, èsì rẹ̀ sì jáde ní 2011. Wọ́n ní kí tọkọtaya sọ gbólóhùn tó lè ní ju ìtumọ̀ kan lọ fún ara wọn, kí wọ́n sì tún gbọ́ irú rẹ̀ lẹ́nu àjèjì. Tọkọtaya kò gbọ́ ara wọn yé ju bí wọ́n ṣe gbọ́ àjèjì yé lọ. Ohun tí wọ́n fi ju àjèjì lọ ni ìdánilójú. Mo gbà wọ́n gbọ́. Ọkọ á ní ọ̀rẹ́ òun mẹ́ta ń bọ̀ wá jẹun lálẹ́, ìyàwó á ní "Kò burú." Ọkọ á lọ wẹ̀. Ó dá a lójú pé òun mọ "kò burú" ìyàwó òun, ó kúkú ti ń gbọ́ ọ láti ọdún mẹ́wàá. Alẹ́ kò ní tíì lẹ́ tán kó tó mọ̀ pé oríṣi rẹ̀ ju kan lọ. Àjèjì ì bá ti béèrè pé, "Ṣé lóòótọ́ ni?"

Òkèèrè tún ní tirẹ̀. Bàbá tó jókòó sí pálọ̀ ní Peckham, ní London, á ní, "Omi ò sí nínú jọ́ọ̀gì yìí mọ́." Ọmọ tí wọ́n bí síbẹ̀, tí olùkọ́ rẹ̀ ti kọ́ pé ọ̀rọ̀ tí a sọ ni ọ̀rọ̀ tí a ní lọ́kàn, á bojú wo jọ́ọ̀gì, á sì fi inú kan dáhùn pé, "Bẹ́ẹ̀ ni, Dádì, ó ti tán." Bàbá gbọ́ àfojúdi. Ọmọ gbọ́ ìròyìn. Ìbéèrè kan tó kúrú ì bá tán an, bó bá jẹ́ pé nínú ilé náà ọmọ lè bi bàbá, tàbí bàbá lè rántí pé ọmọ yìí kò gbé àárín àwọn tó ń gbọ́ àṣẹ nínú ìròyìn.

Wọ́n máa ń gbà wá níyànjú pé ká fi ara wa sí ipò ẹlòmíì. Ìmọ̀ràn rere ni, kò sì mú wa ṣoore tó bá a ṣe rò. Tal Eyal, Mary Steffel àti Epley kan náà ṣe ìdánwò 25 lórí rẹ̀, wọ́n sì tẹ̀ ẹ́ jáde ní 2018. Àwọn tí wọ́n ní kí wọ́n fi ara wọn sí ipò ẹnìkejì, kí wọ́n sì sọ ohun tó wà lọ́kàn rẹ̀, kò gbà á ju àwọn tí wọn ò sọ bẹ́ẹ̀ fún lọ. Àwọn tí wọ́n jẹ́ kó bi ẹnìkejì léèrè kí wọ́n tó sọ ló sún mọ́ òótọ́. Kò yẹ kó yani lẹ́nu. Bí mo bá fi ara mi sí ipò rẹ, èmi náà ló ṣì wà níbẹ̀, pẹ̀lú gbogbo ohun tí mò ń bẹ̀rù àti ohun tó máa ń dùn mí. Inú mi á dùn pé mo ṣàánú rẹ, o ò sì ní tíì sọ̀rọ̀.

Ní 1951, níbi àpérò kan ní Yunifásítì Northwestern, Carl Rogers, onímọ̀ nípa ìrònú ẹ̀dá, ní kí àwọn tó ń jiyàn gbìyànjú òfin kan: kò sẹ́ni tó gbọ́dọ̀ sọ tirẹ̀ àyàfi tó bá kọ́kọ́ tún ohun tí ẹnìkejì sọ, àti bó ṣe rí lára rẹ̀, sọ títí ẹnìkejì á fi gbà pé bẹ́ẹ̀ ló rí. Ó kìlọ̀ pé ó le ju bó ṣe dún lọ. Olórí ẹbí tó mọṣẹ́ ń ṣe irú rẹ̀ láìsí àpérò. Kì í ṣe pé ó kàn gbọ́ ẹjọ́ tọ̀tún-tòsì, kí wọ́n má bàa pè é ní a-gbẹ́jọ́-ẹnìkan-dá. Bí ìyàwó bá ti rojọ́ tán, á ní, "Ìyàwó wa, ohun tí mo gbọ́ lẹ́nu rẹ ni pé owó kọ́ ló dùn ọ́, pé ó lọ sọ ọ́ lójú àwọn ọ̀rẹ́ rẹ̀ ló dùn ọ́. Àbí mo ṣì í gbọ́?" Nígbà míì, ó ṣì í gbọ́ lóòótọ́, obìnrin náà á sì ní, "Rárá, bàbá, kì í ṣe bẹ́ẹ̀." Kò sẹ́ni tó máa ní ó rí àgbà fín, nítorí àgbà ló béèrè. Olórí ẹbí tó ń béèrè báyìí kò pọ̀ mọ́. Àwọn tó pọ̀ ni èyí tó ń fi ohùn ránṣẹ́ sórí WhatsApp ẹbí fún ìṣẹ́jú mẹ́sàn-án, tí gbogbo ilé á sì kọ "Àmín, sà" sábẹ́ rẹ̀.

Àwọn oníṣègùn kan ti ń gbìyànjú irú ìbéèrè olórí ẹbí yẹn. Dókítà á ní kí aláìsàn sọ ọ̀rọ̀ padà fún òun lẹ́nu ara rẹ̀. Nínú ìwádìí kan tí Dean Schillinger àtàwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ ṣe láàárín àwọn tó ní àtọ̀gbẹ ní San Francisco, èyí tó jáde ní 2003, wọ́n ka ohun tuntun 124 tí àwọn dókítà sọ fún aláìsàn; 15 péré ni dókítà béèrè padà láti mọ bó ṣe yé wọn. Ìbẹ̀wò tí wọ́n ti béèrè kò sì gùn ju ti àwọn yòókù lọ. Nílé tiwa, bí yóò ṣe dún nìyí. Dókítà á ní, "Mà, ọmọ yín á bi yín nílé ohun tí mo sọ. Kí lẹ máa sọ fún un?" Ìyá náà á ní, "Màá ní wọ́n ní kí n máa lo kiní ẹ̀jẹ̀ ríru yìí lójoojúmọ́ lẹ́yìn oúnjẹ. Ọjọ́ tí mo bá ń gbààwẹ̀ nìkan ni mi ò ní lò ó, torí mi ò jẹun." Dókítà á gbé bírò sílẹ̀, á ní, "Ọjọ́ wo àti ọjọ́ wo lẹ máa ń gbààwẹ̀, mà?"